Iná inú igbẹ́: Ohun tí ìwé ìgbàgbọ́ àti ìwé onímọ̀ igbó ń kọ́ wa

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní bí oko bá jó, màjàlà ni yóò ṣòfófó. Kò sí ìgbà tí òwe yìí ń ṣẹ tó àsìkò ẹ̀ẹ̀rùn. Bí ọyẹ́ bá ti dé, tí koríko gbẹ, èéfín kì í dáwọ́ dúró lókè oko, màjàlà yóò sì máa fò bọ́ sórí aṣọ tí wọ́n sá sóòrùn. Àgbẹ̀ ń sun igbó kó lè ríbi gbin iṣu, ọdẹ ń sun ún kí ọ̀yà àti òkété lè jáde síta, darandaran náà ń sun ún kí koríko tútù lè hù fún màlúù rẹ̀.

Àwọn tó ń gbé ìlú ńlá pàápàá kò bọ́ nínú rẹ̀. Ẹ wo Command, àdúgbò tó wà lọ́nà Ìpájà sí Abúlé Ẹ̀gbá ní ìjọba ìbílẹ̀ Alímọ̀ṣọ́, ìpínlẹ̀ Èkó. Ilé ẹ̀kọ́ girama tí àwọn ọmọ ogun dá sílẹ̀ níbẹ̀ ló sọ àdúgbò náà lórúkọ. Oko àti igbó ló pọ̀ lágbègbè yẹn láyé àtijọ́, ṣùgbọ́n ilé ti gba ilẹ̀. Nígbà tí ìjọba àpapọ̀ ka èèyàn lọ́dún 2006, àwọn tí wọ́n kà ní Alímọ̀ṣọ́ jẹ́ 1,277,714, kò sì sí ìjọba ìbílẹ̀ mìíràn ní Èkó tó ní èèyàn tó bẹ́ẹ̀ nínú ìkànìyàn náà. Síbẹ̀, bí ẹ̀ẹ̀rùn bá dé, ẹni tó ní ilẹ̀ tí kò tíì kọ́lé sí yóò ṣán koríko orí rẹ̀, yóò sì ṣáná sí i. Àwọn mìíràn a tún da ìdọ̀tí ilé mọ́ ọn, bó tilẹ̀ jẹ́ pé òfin àyíká ìpínlẹ̀ Èkó kò fàyè gba irú rẹ̀.

Ní àdúgbò kan náà, iná inú igbẹ́ mìíràn wà tí tọmọdé tàgbà ń fẹ́ gbọ́ nípa rẹ̀. Ìyẹn ni iná tí Mósè, tí àwọn Mùsùlùmí ń pè ní Ànábì Mùsá, rí lẹ́bàá òkè. Pásítọ̀ a máa fi wàásù lọ́jọ́ Ìsinmi, àlùfáà a sì máa fi ṣe wáàsí. Ọ̀pọ̀ ẹlẹ́sìn ló ń bẹ Ọlọ́run pé kí irú iná bẹ́ẹ̀ sọ̀kalẹ̀ láàrin àwọn.

Ìwé pọ̀ lórí iná méjèèjì. Àwọn kan kọ̀wé lórí èyí tó jẹ́ ti ìgbàgbọ́, àwọn mìíràn kọ̀wé lórí èyí tó ń jó igbó àti ọ̀dàn. Ẹni tó bá ka méjèèjì pọ̀ yóò rí i pé ìbéèrè kan ló so wọ́n pọ̀: kí ló dé tí igbẹ́ kan gba iná sára tí kò parun, tí òmíràn sì jó tí kò padà bọ̀ sípò mọ́? Ìbéèrè yìí kì í ṣe ti oníwàásù nìkan. Ẹni tó bá ń fi ilẹ̀ jẹun náà gbọ́dọ̀ mọ ìdáhùn rẹ̀.

Ohun tí Mósè rí

Inú ìwé Ẹ́kísódù, orí kẹta, ni Bíbélì ti sọ ìtàn náà. Mósè ń da agbo ẹran Jẹ́tírò, àna rẹ̀, títí tó fi dé òkè Hórébù. Ó rí igbẹ́ kan tí iná wà nínú rẹ̀, ṣùgbọ́n tí kò di eérú. Ó yà láti lọ wo ohun tó fà á, ibẹ̀ ni Ọlọ́run ti pè é lórúkọ, tó ní kó bọ́ bàtà ẹsẹ̀ rẹ̀, tó sì rán an sí Fáráò pé kó lọ kó àwọn ọmọ Ísírẹ́lì jáde lóko ẹrú.

Kùránì náà sọ ìtàn yìí ju ẹ̀ẹ̀kan lọ. Ó wà nínú Súrà ogún, ìkẹtàdínlọ́gbọ̀n àti ìkejìdínlọ́gbọ̀n. Níbẹ̀, Ànábì Mùsá àti ará ilé rẹ̀ ló jọ ń rìnrìn àjò. Ó rí iná lókèèrè, ó ní kí wọ́n dúró de òun, bóyá òun á rí ẹyinná mú bọ̀ kí wọ́n lè yáná, tàbí kí òun rí ẹni tó mọ̀nà. Bó ṣe débẹ̀ ni ohùn ké sí i. Súrà ìkejìdínlọ́gbọ̀n sọ pé láti ibi igi kan ni ohùn náà ti wá. Súrà ogún sọ pé wọ́n ní kó bọ́ bàtà rẹ̀, nítorí pé àfonífojì mímọ́ tí wọ́n ń pè ní Túwà ló wà.

Bí ìwé méjèèjì tilẹ̀ yàtọ̀ díẹ̀ nínú bí wọ́n ṣe ròyìn ọ̀rọ̀ náà, iná wà níbẹ̀, ohùn wà níbẹ̀, bàtà wà níbẹ̀, iṣẹ́ tí Ọlọ́run rán èèyàn náà sì wà níbẹ̀.

Ó ti pẹ́ tí àwọn ọ̀mọ̀wé ti ń túmọ̀ rẹ̀. Philo, Júù kan tó gbé ní ìlú Alẹkisáńdíríà nílẹ̀ Íjíbítì lásìkò tí Jésù wà láyé, kọ ìwé lórí ìgbésí ayé Mósè. Lójú tirẹ̀, igbẹ́ tí kò lágbára yẹn dúró fún àwọn tí wọ́n ń ni lára, iná sì dúró fún àwọn tó ń ni wọ́n lára. Bí iná kò ṣe rí igbẹ́ náà jó run, ó ní bẹ́ẹ̀ ni aninilára kò ní í rí àwọn èèyàn náà pa rẹ́. Ní nǹkan bí 300 ọdún lẹ́yìn rẹ̀, Gregory ti ìlú Nyssa fi ìtàn kan náà ṣàlàyé bí Màríà ṣe bí Jésù láìsọ wúńdíá rẹ̀ nù. Ìjọ Presbitérì ilẹ̀ Skọ́tíláǹdì sì mú igbẹ́ tí iná wà nínú rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí àmì ìjọ wọn. Láti inú irú ìjọ bẹ́ẹ̀ ni àwọn míṣọ́nnárì tó gúnlẹ̀ sí Kálábà lọ́dún 1846 ti wá.

Igi kan ni, àbí odindi igbó?

Èdè Hébérù pe ohun tí Mósè rí ní 'seneh'. Igi kékeré ẹlẹ́gùn-ún kan ni ọ̀pọ̀ onímọ̀ gbà pé ó jẹ́. Àwọn òyìnbó wá túmọ̀ rẹ̀ sí 'bush', ọ̀rọ̀ tó lè jẹ́ igi kúkúrú kan ṣoṣo, tó sì tún lè jẹ́ igbó gbalasa. Nígbà tí ó di àkókò àtikọ ọ́ ní èdè Yorùbá, 'igbẹ́' ni Bíṣọ́ọ̀bù Samuel Àjàyí Crowther àti àwọn tó bá a ṣiṣẹ́ lò. Ọdún 1884 ni odindi Bíbélì Yorùbá jáde.

Ẹ kíyè sí ọ̀rọ̀ yìí dáadáa. Bí Yorùbá bá ní igbẹ́, kì í ṣe igi kan ló ń sọ. Ibi tí ẹranko igbẹ́ ń gbé ló ń sọ, ibi tí ọdẹ ń lọ, tí àgbẹ̀ ń ṣán. Crowther fúnra rẹ̀ mọ ohun tí igbẹ́ jẹ́. Ìlú Òṣoògùn ni wọ́n bí i sí ní nǹkan bí ọdún 1809. Nígbà tí ogun kó ìlú náà lọ́dún 1821, inú igbẹ́ tí òun àti ìyá rẹ̀ ń sá gbà ni ọwọ́ ọ̀tá ti tẹ̀ wọ́n, tí wọ́n sì sọ wọ́n di ẹrú.

Nítorí náà, ohun tí ọmọ Yorùbá tó ń ka Bíbélì rẹ̀ ń fojú inú rí kò fi bẹ́ẹ̀ jọ ohun tí Júù ń rí. Igi kan tó dá dúró nínú aṣálẹ̀ ni Júù ń rí. Tiwa ni oko baba ẹni àti igbó tó yí i ká, tí iná gbà á, tí ilẹ̀ sì mọ́ tí ohun gbogbo ṣì wà bó ṣe wà. Bóyá ìdí nìyẹn tí ìtàn náà fi ń dùn létí àgbẹ̀, nítorí pé ó mọ̀ pé oko òun kò ní í rí bẹ́ẹ̀.

Kùránì náà di kíkà lédè Yorùbá nígbà tó yá. Àlùfáà ìjọ Krístẹ́nì kan, M. S. Cole, ló kọ́kọ́ túmọ̀ rẹ̀, tó sì tẹ̀ ẹ́ jáde lọ́dún 1906. Ní nǹkan bí ọdún 1970 sókè ni àwọn Mùsùlùmí Yorùbá gbé ìtúmọ̀ tiwọn jáde.

Ilé ìwé lẹ́bàá igbẹ́

Lẹ́sẹ̀ òkè Sínáì nílẹ̀ Íjíbítì, ilé àwọn mọ́ńkì kan wà tí wọ́n ń pè ní Saint Catherine. Ọba Justinian ti ilẹ̀ Róòmù ló kọ́ ọ ní nǹkan bí 1,500 ọdún sẹ́yìn. Igi ẹlẹ́gùn-ún kan wà nínú ọgbà náà tí àwọn mọ́ńkì gbà pé òun gan-an ni Mósè rí. Lọ́dún 2002, àjọ UNESCO kọ orúkọ ibẹ̀ mọ́ àwọn ibi tí gbogbo ayé gbọ́dọ̀ dáàbò bò.

Ìwé ló sọ ibẹ̀ di olókìkí jù lọ láàrin àwọn ọ̀mọ̀wé. Ibẹ̀ ni wọ́n ti rí Bíbélì àfọwọ́kọ ayé àtijọ́ tí wọ́n ń pè ní Codex Sinaiticus, tí wọ́n kọ ní nǹkan bí 1,600 ọdún ó lé sẹ́yìn. Èyí tó pọ̀ jù nínú ewé rẹ̀ wà ní Lọ́ńdọ̀nù báyìí, nítorí ìjọba Rọ́ṣíà tà á fún ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì lọ́dún 1933 ní 100,000 pọ́n-ùn.

Mọ́sálásí tún wà nínú ọgbà kan náà. Àwọn mọ́ńkì ibẹ̀ ń tọ́jú ẹ̀dà ìwé kan tí wọ́n sọ pé Ànábì Muhammad fi dáàbò bo àwọn. Ìtàn wọn ni pé ìwé náà gan-an wà ní Istanbul, láti ìgbà tí ọba Tọ́kì ti gba ilẹ̀ Íjíbítì lọ́dún 1517. Bí ẹlẹ́sìn méjì ṣe jọ ń bọ̀wọ̀ fún igbẹ́ kan láìjà, ẹ̀kọ́ ńlá ni fún wa nílẹ̀ Yorùbá, níbi tí Mùsùlùmí àti Krístẹ́nì ti jọ ń jẹun nínú abọ́ kan.

Àwọn tó ń wá ìdí rẹ̀ nínú ìṣẹ̀dá

Àwọn onímọ̀ ewé àti igi kò dákẹ́. Lọ́dún 1952, Harold Moldenke àti Alma ìyàwó rẹ̀ gbé ìwé kan jáde lórí àwọn ewéko tí Bíbélì dárúkọ, 'Plants of the Bible' ni wọ́n pè é. Ọ̀kan nínú ohun tí wọ́n sọ níbẹ̀ ni pé ó ṣeé ṣe kó jẹ́ àfòmọ́ ni Mósè rí. Àfòmọ́ kan wà tó ń hù lórí igi ẹlẹ́gùn-ún inú aṣálẹ̀ tí wọ́n ń pè ní acacia. Bó bá tanná, òdòdó rẹ̀ a pọ́n bí ẹyinná, ẹni tó bá rí i lókèèrè á rò pé iná ń jó. Àgbẹ̀ wa mọ àfòmọ́ dáadáa, nítorí pé òun náà ni olè tó ń hù lórí obì, kòkó àti ọsàn, tó ń fa omi ara wọn mu. Àwọn onísègùn wa sì ń wá a kiri fún oògùn.

Àwọn mìíràn mú ewéko kan tó ń jẹ́ Dictamnus wá. Ó ń hù ní apá gúúsù ilẹ̀ Yúróòpù àti ní Éṣíà. Ara rẹ̀ kún fún òróró. Bí oòrùn bá mú, tí atẹ́gùn kò fẹ́, òróró náà a di oru yí i ká. Bí èèyàn bá ṣáná sí i, oru náà á gbiná wàìwàì, á kú, ewé kò sì ní í jó. Àmọ́ ìṣòro tó wà níbẹ̀ ni pé ewéko náà kì í hù ní Sínáì, iná rẹ̀ kì í sì í ju ìṣẹ́jú àáyá díẹ̀ lọ.

Lọ́dún 2003, Colin Humphreys, ọ̀jọ̀gbọ́n ní yunifásítì Cambridge, kọ ìwé tirẹ̀, 'The Miracles of Exodus'. Ó ní ó ṣeé ṣe kí afẹ́fẹ́ gáàsì máa yọ láti inú ilẹ̀ lábẹ́ igi náà, bó ṣe ń ṣẹlẹ̀ níbi tí òkè oníná wà, kí ó sì gbiná láìdáwọ́ dúró. Òun kò fi èyí sọ pé kò sí ọwọ́ Ọlọ́run níbẹ̀.

Ọ̀pọ̀ onígbàgbọ́ kò fẹ́ràn irú àlàyé báyìí. Wọ́n ní bí a bá ti wá ìdí iṣẹ́ ìyanu, kì í ṣe ìyanu mọ́. Ẹni tó bá fara balẹ̀ ka ìtàn náà yóò rí i pé Mósè fúnra rẹ̀ kò sá. Ńṣe ló yà lọ wo ìdí tí igbẹ́ náà kò fi jó. Ìgbà tó yà ni ohùn tó pè é. Wíwá ìdí kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀.

Olókèméjì: níbi tí wọ́n ti dán iná wò

Kò sí ìdí fún ẹni tó fẹ́ mọ ohun tí iná ń ṣe fún igbẹ́ láti lọ sí Sínáì. Láàrin Abẹ́òkúta àti Ìbàdàn, létí odò Ògùn, lójú ọ̀nà rélùwéè àtijọ́ tó ti Èkó wá, ni Olókèméjì wà. Ibẹ̀ ni ìjọba òyìnbó ti ya igbó ìjọba sọ́tọ̀ lọ́dún 1899, ọ̀kan nínú àwọn tó ṣáájú ní Nàìjíríà.

Lọ́dún 1929, àwọn òṣìṣẹ́ igbó pín ilẹ̀ kan níbẹ̀ sí mẹ́ta. Irú ilẹ̀ kan náà ni, òjò kan náà ló ń rọ̀ sí i. Wọ́n ń dáná sun apá kìíní lọ́dọọdún ní ìparí ẹ̀ẹ̀rùn, nígbà tí ohun gbogbo ti gbẹ gidi. Wọ́n ń sun apá kejì náà lọ́dọọdún, ṣùgbọ́n ní ìbẹ̀rẹ̀ ẹ̀ẹ̀rùn, nígbà tí omi ṣì wà lára koríko. Wọn kò jẹ́ kí iná dé apá kẹta rárá. Ìwádìí tí wọ́n fún ní nọ́ńbà 254 nìyí. W. D. MacGregor kọ̀wé nípa irú igbó wọ̀nyí lọ́dún 1937. J. R. Charter àti R. W. J. Keay sì gbé ìròyìn jáde lọ́dún 1960 lórí ohun tí wọ́n bá níbẹ̀ lẹ́yìn ọdún 28.

Ohun tí wọ́n bá níbẹ̀ kò ní àríyànjiyàn nínú. Apá tí wọ́n ń sun ní ìparí ẹ̀ẹ̀rùn ti di ọ̀dàn, koríko ló bo ilẹ̀, àwọn igi díẹ̀ tó lè fara da iná nìkan ló kù. Apá tí wọ́n ń sun ní ìbẹ̀rẹ̀ ẹ̀ẹ̀rùn ní igi jù bẹ́ẹ̀ lọ. Apá tí iná kò dé ti ń padà di igbó, igi ńlá àti àjàrà ti ń hù níbẹ̀, òjìji wọn kò sì jẹ́ kí koríko rímú mí.

Ìdí rẹ̀ kò fara sin. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ẹ̀ẹ̀rùn, koríko kò tíì gbẹ tán, iná á rọra máa rìn nílẹ̀, kò ní í ga, ọmọ igi á sì bọ́. Bó bá di oṣù kejì tàbí ìkẹta, koríko ti di epo bẹntiróòlù. Iná á ga ju orí èèyàn lọ, á sì pa ọmọ igi àti ẹyin ẹyẹ pọ̀. Bí èyí bá ń ṣẹlẹ̀ lọ́dọọdún, igi tuntun kò ní í rí àyè dàgbà láti rọ́pò èyí tó kú. Báyìí ni igbó ṣe ń di ọ̀dàn láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni gbé àáké sí i.

Àwọn igi kan wà tó dà bí igbẹ́ Mósè lóòótọ́. Ẹ wo igi òrí tàbí igi igbá, tí à ń fi èso rẹ̀ ṣe irú, ní agbègbè Òkè-Ògùn. Iná ń kọjá lábẹ́ wọn lọ́pọ̀ ọdún, wọn ò sì kú. Èèpo wọn nípọn bí ẹ̀wù ogun. Àwọn igi mìíràn wà tí orí wọn á jó tán pátápátá, tí gbòǹgbò wọn á tún sọ lẹ́yìn òjò àkọ́rọ̀. Ṣùgbọ́n kòkó kò ní irú èèpo bẹ́ẹ̀. Bí iná bá kọjá lábẹ́ rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan, iṣẹ́ ọdún gbọọrọ ti bàjẹ́ nìyẹn.

Ẹjọ́ ta ni?

Fún ọ̀pọ̀ ọdún, àwọn òyìnbó amúnisìn ń kọ ọ́ sínú ìwé wọn pé àgbẹ̀ dúdú ló ń fi iná ba igbó Áfíríkà jẹ́. Lọ́dún 1996, James Fairhead àti Melissa Leach gbé ìwé kan jáde tó yí ọ̀rọ̀ náà padà, 'Misreading the African Landscape' ni orúkọ rẹ̀. Agbègbè Kissidougou nílẹ̀ Gíní ni wọ́n ti ṣe ìwádìí wọn. Igbó díẹ̀díẹ̀ ló yí àwọn abúlé ibẹ̀ ká láàrin ọ̀dàn, àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba sì ti gbà pé ìyókù igbó ńlá tí àwọn ará abúlé sun tán ni. Ṣùgbọ́n nígbà tí wọ́n wo àwòrán tí wọ́n yà láti inú ọkọ̀ òfuurufú lọ́dún 1952, tí wọ́n fi wé tuntun, tí wọ́n sì bi àwọn àgbà léèrè, wọ́n rí i pé àwọn ará abúlé ló mú kí igbó náà hù. Wọ́n ń fi ẹran ọ̀sìn àti oko etílé pa koríko rẹ́, wọ́n sì ń sun koríko ní ìbẹ̀rẹ̀ ẹ̀ẹ̀rùn kí iná ńlá má baà dé ilé wọn.

Yorùbá náà ní ètò tirẹ̀. Ìwé ìtàn Yorùbá tí Àlùfáà Samuel Johnson kọ parí lọ́dún 1897, tó jáde lọ́dún 1921, sọ nípa ọdún Bẹẹrẹ ní Ọ̀yọ́, nígbà tí wọ́n ń pa koríko bẹẹrẹ láti fi bo orí ààfin, tí iná pápá sì máa ń tẹ̀ lé e. Èyí fi hàn pé kì í ṣe ẹni tó bá jí tó kàn rí ìṣáná ló ń sun igbó. Ọjọ́ ní ọjọ́, ìdí sì ní ìdí.

Irú ẹ̀kọ́ bẹ́ẹ̀ wà nínú ìwé Stephen Pyne, ará Amẹ́ríkà tó ti fi ọ̀pọ̀ ẹ̀ẹ̀rùn ṣiṣẹ́ panápaná nínú igbó. Ìwé tó kọ lọ́dún 1991 lórí iná nílẹ̀ Ọsirélíà, orúkọ igbẹ́ Mósè gan-an ló fi pè é: 'Burning Bush'. Ó ṣàlàyé bí àwọn onílẹ̀ ibẹ̀ ṣe ń fi iná kéékèèké tọ́jú ilẹ̀ wọn kí òyìnbó tó dé, àti ohun tó ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn tí òyìnbó gba ilẹ̀ náà, tí ètò yẹn sì bàjẹ́.

Ọdún tí kò ṣeé gbàgbé

Àwọn àgbà tó bá rántí ọdún 1983 mọ̀ pé iná kì í ṣe ọ̀rọ̀ inú ìwé lásán. Ọ̀gbẹlẹ̀ mú káàkiri Ìwọ̀ Oòrùn Áfíríkà lọ́dún náà. Iná jó oko kòkó lọ bẹẹrẹbẹ ní Gánà àti Ivory Coast. Oṣù kìíní ọdún yẹn náà ni ìjọba Nàìjíríà ní kí àwọn àlejò tí kò ní ìwé ìgbélùú máa lọ, tí ọ̀kẹ́ àìmọye ará Gánà di ẹrù wọn sínú báàgì tí a wá ń pè ní Ghana-Must-Go. Ọ̀pọ̀ nínú wọn délé bá oko tó ti di eérú.

Kòkó tí Gánà kó ní sáà 1983 sí 1984 kò tó 160,000 tọ́ọ̀nù, bẹ́ẹ̀ orílẹ̀-èdè tó ti kó ju 500,000 lọ láàrin ọdún 1960 sí 1970 ni. Iná nìkan kọ́ ló fà á, owó táṣẹ́rẹ́ tí ìjọba ń san fún àgbẹ̀ àti ogbó igi wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n iná ló parí rẹ̀. Ọdún náà ni ìjọba Gánà ṣe òfin lórí iná igbó, wọ́n sì ṣe òmíràn láti rọ́pò rẹ̀ lọ́dún 1990.

Lọ́jọ́ 16 oṣù kejì ọdún 1983 kan náà, iná jó ní gúúsù ilẹ̀ Ọsirélíà, èèyàn 75 sì kú. Ọjọ́rú Eléérú ni ọjọ́ náà bọ́ sí, ọjọ́ tí Krístẹ́nì ń gba eérú síwájú orí láti rántí pé erùpẹ̀ ni èèyàn. Orúkọ ọjọ́ ìsìn náà ni wọ́n fi ń pe iná yẹn títí dòní.

Ohun tó yẹ kí àgbẹ̀ mú lò

Kò sẹ́ni tó lè sọ fún àgbẹ̀ pé kó má fi iná kan oko rẹ̀ mọ́ láéláé. Eérú ní oúnjẹ díẹ̀ fún ilẹ̀, iná sì ń dín iṣẹ́ kù fún ẹni tí kò ní katakata. Àmọ́ iná ń sun ewé jíjẹrà tó jẹ́ ọ̀rá ilẹ̀, òjò àkọ́kọ́ sì lè gbá eérú náà lọ sínú odò. Bí wọ́n bá ń sun ilẹ̀ kan léraléra, ọ̀rá rẹ̀ á tán.

Ẹni tó bá fẹ́ sun oko, kó ṣe é ní ìbẹ̀rẹ̀ ẹ̀ẹ̀rùn, kó má dúró di ìgbà tí ọ̀dá bá ti mú tán. Kó ṣán ìlà fífẹ̀ yí oko ká, kó sì gbá ewé gbígbẹ kúrò lórí rẹ̀ kí ilẹ̀ hàn síta. Kó sọ fún àwọn tó ń dáko tì í, kí wọ́n sì jọ dúró. Ìrọ̀lẹ́ tí atẹ́gùn rọ̀ ló dára, kì í ṣe ọ̀sán gangan. Kí omi àti ewé tútù wà nítòsí, kí ẹnikẹ́ni má sì lọ sílé títí ẹyinná ìkẹyìn yóò fi kú. Ọdẹ tó ń fi iná lé ẹran, kó rántí pé oko ẹlòmíràn wà níwájú. Ẹni tó ń gbé àárín ìlú bíi Command, kó má sun ohunkóhun lórí ilẹ̀ rẹ̀, nítorí pé kò sí ìlà tó lè ṣán láàrin ògiri àti ògiri. Kó ṣán koríko náà, kó fi jẹrà nílẹ̀, kó sì kó ìdọ̀tí fún àwọn tó ń kó o.

Àwọn àgbà ní bí iná bá ń jóni, tó ń jó ọmọ ẹni, tara ẹni là á kọ́kọ́ gbọ̀n. Òtítọ́ ni, ṣùgbọ́n ẹni tó bá sun igbó ní àsìkò tí kò yẹ, ọmọ rẹ̀ ló ń jó, nítorí pé ọmọ náà ló máa bá ọ̀dàn níbi tí baba ti bá igbó. Igbẹ́ tí Mósè rí, Ọlọ́run ló dá a sí. Ọwọ́ wa ni tiwa wà.